“A Dúpẹ́” Tí Mo Gbọ́ Lórí Tẹlifóònù Ọ̀gá

Ẹ gbọ́, ẹ̀yin ọmọ mi, nígbà tí mo ṣì jẹ́ ọmọge, tí mo ń ṣe táípíìsì ní ọ́fíìsì ìjọba ní Kàdúná, tẹlifóònù kan ṣoṣo ló wà fún gbogbo wa. Orí tábìlì ọ̀gá ló wà. Ó fi àgádágodo tì í… bẹ́ẹ̀ ni, Túndé, àgádágodo! Bí ó bá dún, a lè gbé e. Ṣùgbọ́n láti pe èèyàn? Láéláé.

Ní ọjọ́ Ajé kan, ó dún. Ọ̀gá ní, “Ìwọ, wá gbà á, láti Kàbà ni.” Àbúrò mi ni, Fọlákẹ́, ó wà ní ilé ìfìwéránṣẹ́. Mo mọ̀ pé ó ti kúnlẹ̀. Níwájú ẹ̀rọ!

“Ẹ kú iṣẹ́, ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Ará ọ́fíìsì ńkọ́?”

Èmi náà ń pariwo. Ohùn rẹ̀ sì ń jáde bíi ti rédíò.

“Bàbá ńkọ́?”

“A dúpẹ́.”

“Ìyá ńkọ́?”

“A dúpẹ́.”

Bí wọ́n ṣe kọ́ wa nìyẹn. A kì í já ìròyìn burúkú lu ẹ̀gbọ́n ẹni. A ó kọ́kọ́ dúpẹ́ ná.

“Ẹ̀gbọ́n mi… ìyá wa, wọn ò lè jẹun mọ́, ẹ̀yin ni wọ́n ń…”

Ó já. Ìṣẹ́jú mẹ́ta ni wọ́n máa ń fúnni nígbà náà. Ìkíni ti jẹ ẹ́ tán.

Ẹ jẹ́ kí n dìde díẹ̀… ara mi kì í balẹ̀ tí mo bá dé ibí yìí.

Mo ní, “Ọ̀gá, ẹ jọ̀wọ́, ẹ ṣí i fún mi.” Ó ní, “Ti ìjọba ni. Ìyá ẹ kọ́ ló rà á.” Mo ní kí ó jẹ́ kí n lọ sílé. Ó rẹ́rìn-ín. “Gbogbo wa la gbọ́. Àbúrò ẹ ní a dúpẹ́. Ṣé èmi ni kí n wá sunkún?”

Mo bẹ̀ ẹ́ títí di ọjọ́ Ẹtì kó tó gbà. Kí n tó dé Kàbà, wọ́n ti sin ìyá mi. Fọlákẹ́ ní kí ìyá wa tó kú, gbogbo ìgbà tí mọ́tò bá ti kọjá, wọ́n á ní, “Ṣé òun ni?”

Lónìí ńkọ́? Fóònù méjì méjì ló wà lápò yín. Túndé ń pe ọ́fíìsì àwọn olómi ìjọba nítorí omi tí kò yọ ní àdúgbò wa, Karmo yìí ní Àbújá. Ó ń dún, ó ń dún, wọn kì í gbé e. Kai! Kí ni ayé wá fi dára jù?

Ẹ má tíì lọ. Bí ara ẹnikẹ́ni kò bá yá, tí ẹ bá pè mí, ẹ má dúpẹ́ fún mi. Ẹ sọ ọ́ ná. Ẹ ó kí mi tó bá yá. Bí ọ̀gá yín bá sì ní kò sí àyè, ẹ má bẹ̀ ẹ́. Ẹ gbé báàgì yín, ẹ bọ́ sọ́nà. Èmi jókòó, mo ń bá a tẹ lẹ́tà… ọjọ́ mẹ́rin gbáko.