Àmì Tí Akọ̀wé Ìran Kò Fi Sí I

Ẹ̀yin ará, ẹ má tíì ké Halelúyà fún mi. Ẹ jẹ́ kí n parí ná. Bó bá ṣì wù yín láti ké e nígbà náà, ẹ ké e. Bàbá Akọ̀wé, ẹ mú bírò yín, ẹ máa kọ ọ́ bí mo ṣe ń sọ ọ́, torí iṣẹ́ yín gan-an ni ìran yìí dá lé.

Ẹ mọ Àdùkẹ́ ọmọ mi. Ẹ má wò mí bíi pé ẹ ò mọ̀ ọ́n. Inú ṣọ́ọ̀ṣì yìí ni ẹ̀mí ti gbé Ìyá Aríran, kí Ọlọ́run tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere, tí wọ́n ké lé ọmọ náà lórí. Ẹ sì mọ bí a ti ń ṣe é níbí: ẹni tí ẹ̀mí gbé kì í mọ ohun tó sọ. Ohun tí akọ̀wé ìran bá kọ sílẹ̀, òun náà la ó ní Ọlọ́run wí. Bàbá Akọ̀wé kọ ọ́, wọ́n dìde, wọ́n kà á sí wa létí: "Mo rí àjẹ́ lórí ọmọ yìí." Ọmọ tó ń kiri ọṣẹ dúdú jẹ́ẹ́jẹ́ rẹ̀! Ẹ lé e jáde. Mo kúnlẹ̀, mo bẹ̀ yín, ẹ ní kí n yan ọmọ tàbí kí n yan Ọlọ́run. Kí n tó délé, ó ti di ẹrù rẹ̀, ó ti lọ. Láti ìgbà náà, n ò mọ̀ bóyá ó wà láyé.

Lánàá, lẹ́yìn àdúrà ọ̀sán, mo fẹ̀yìn ti ògiri, mo bi Olúwa léèrè ohun kan ṣoṣo: òkú ni ọmọ mi, àbí ààyè? Ibẹ̀ ni oorun ti gbé mi. Ọkùnrin kan tó wọ aṣọ funfun, tí tàdáwà kún ìka ọwọ́ rẹ̀, dúró níwájú mi. Ó ní, "Ìyá Àdùkẹ́, dìde. Akọ̀wé ni mí níbi tí à ń lọ."

Ọ̀run àpáàdì la kọ́kọ́ yà sí. A kọjá lára àwọn elékèé, a kọjá lára àwọn alágbèrè, igbe wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ dí mi létí, ṣùgbọ́n olùtọ́nà mi ò dúró. Ó mú mi dé pápá kan tí ilẹ̀ rẹ̀ gbóná bí ìdí ìkòkò, àwọn akọ̀wé ló kún ibẹ̀. Ó ní, "Àwọn wọ̀nyí kọ ohun tí wọn ò gbọ́." Wọn ò lè sọ̀rọ̀ mọ́. Ohun tí wọ́n bá fẹ́, orí iyanrìn ni wọ́n ń kọ ọ́ sí, bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́ láyé, láìfi àmì sí i.

Òùngbẹ ń gbẹ ọ̀kan nínú wọn. Igbá ló fẹ́, kó fi bu omi mu. Ó kọ "igba". Yéè! Ẹ̀yin ará, àwọn tó mú pàṣán dé, wọ́n dà á dojú bolẹ̀, wọ́n ń nà án, wọ́n ń kà á, ó ń fọwọ́ gbálẹ̀ bẹ̀ wọ́n, igba ló kọ, igba pàṣán ni wọ́n fún un, bí wọ́n sì ti ṣíwọ́ ni òùngbẹ tún dé, ó tún na ìka, ó tún kọ "igba", mo pariwo, mo ní ẹ fi àmì sí i, baba, ẹ fi àmì sí i! Olùtọ́nà mi ní, "Ó ti gbàgbé bí wọ́n ṣe ń fi í sí i."

Àga kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibẹ̀ tí kò sẹ́ni lórí rẹ̀. Mo bèèrè ẹni tí wọ́n gbé e kalẹ̀ dè. Ó ní, "Ẹni náà ṣì ń kọ̀wé ní ṣọ́ọ̀ṣì yín." Bàbá Akọ̀wé, ẹ má dáwọ́ dúró. Ẹ máa kọ ọ́.

A gòkè dé ìlú kan tó tutù. Níbẹ̀ ni àwọn akọ̀wé ọ̀run ń gbé. Gbogbo ọ̀rọ̀ tí èèyàn bá sọ láyé, ọ̀dọ̀ wọn ló ń bọ̀. Wọ́n á gbé e sétí, wọ́n á gbọ́ ọ dáadáa, kí wọ́n tó fi àmì lé e lórí. Kò sẹ́ni tó ń kánjú. Àwọn ẹni ìsinmi jókòó sábẹ́ igi, ara tù wọ́n, àmọ́ èmi ń wo ojú wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Níbi tí gbogbo yín ti ń gbàdúrà láti rí èèyàn yín, èmi ń gbàdúrà kí n má rí tèmi.

Ìyá Aríran ni mo rí. Gbogbo èèyàn jókòó, àwọn nìkan ló dúró, tí wọ́n ń sunkún. Wọ́n dì mọ́ mi. "Ìyá Àdùkẹ́, ajé ni mo pè! Ibí ni wọ́n ti jẹ́ kí n gbọ́ ohùn ara mi. Mo ní mo rí ajé lórí ọmọ yìí. Ajé! Ọmọ tí ọjà rẹ̀ á máa tà ni mo rí. Ta ló sọ ọ́ di àjẹ́?"

Mo rántí fáàrí tí Bàbá Akọ̀wé máa ń ṣe níbí: "Àmì ń fa ọwọ́ sẹ́yìn. Ta ni ò mọ ohun tí mò ń kọ?" Ẹ̀yin alára ò mọ̀ ọ́n, Bàbá! "Aje" lẹ kọ, láìfi àmì kankan sí i. Nígbà tí ẹ dìde láti kà á, ibi tí ọkàn yín wà lojú yín gbà lọ. Ìjọ náà ti ń wá ẹni tí wọ́n máa lé, wọn ò bi yín ní ìbéèrè kankan.

Mo yíjú sí olùtọ́nà mi. "Ọmọ mi ńkọ́?"

"Kò tíì dé ibí. Kò sì sí níbi ìyà. Ó wà láyé. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tí ẹ kọ mọ́ ọn ń tẹ̀lé e. Ibikíbi tó bá sọ igbá ọṣẹ kalẹ̀ sí, ó ń bá a níbẹ̀. Kí ẹni tó kọ ọ́ pa á rẹ́, kí ó tó wá bá àga rẹ̀."

Bí mo ṣe lajú nìyẹn. Oòrùn ọ̀sán ṣì ń ràn, ojú mi kún fún omijé.

Mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni kí mi kú oríire ìran. Ẹsẹ̀ tí ẹ fi lé ọmọ mi jáde, ẹ fi wá a lọ. Ẹ ṣọ́ra yín, torí ohun tí a bá kọ mọ́ ọmọ ẹlòmíràn láyé, wọ́n á kà á sí wa létí lọ́run. Bàbá Akọ̀wé, ẹ kọ eléyìí kẹ́yìn: "Àdùkẹ́ kì í ṣe àjẹ́. Ajé ni Ọlọ́run wí." Ẹ dìde, ẹ kà á sókè bí ẹ ṣe ka ti ìjọ́sí.

Ẹ dúró ná. Ẹ gbé ìwé yẹn wá kí n wò ó.

Bàbá, àmì rẹ̀ dà?