Mo Gbọ́ Pé Obìnrin Náà Wà Láàyè

Ọjọ́ tí ọwọ́ mi ba kókó nínú ọmú mi ni ẹ̀rù ti ń bà mí, ọkọ mi nìkan ni mo sì sọ fún. Nígbà tí mo gbàtọ́jú tán, tí mo lọ gba èsì àyẹ̀wò ìkẹyìn ní ọsibítù Ìlaró, obìnrin méjì ń sọ̀rọ̀ lẹ́yìn mi lórí bẹ́ńṣì.

“Àbúrò mi,” ni èyí tó jẹ́ ẹ̀gbọ́n wí, “wọ́n ní kí o wá sọ bí o ṣe bọ́ lọ́wọ́ jẹjẹrẹ ọmú fáwọn obìnrin Ọjà-Ọ̀dàn, o ní, ‘Ó ṣe obìnrin kan.’ Ta ni obìnrin kan?”

“Ẹ rọra, ẹ̀gbọ́n mi. Àna mi wà níbẹ̀.”

“Àna tó ń fi ọ̀kadà gbé ọ wá gbàtọ́jú?”

“Òótọ́ ṣáà ni mo sọ.”

“Màmá kan bi ọ́ bóyá obìnrin náà ṣì wà láàyè. O ní, ‘Mo gbọ́ pé ó wà.’ O gbọ́! Ta ló sọ fún ọ?”

Àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín títí. Lẹ́yìn náà, ẹ̀gbọ́n wá rẹ ohùn sílẹ̀: “Màmá yẹn ní kókó lọ́mú, kò sì tíì wá ṣàyẹ̀wò. Alààyè ló fẹ́ rí.”

Wọ́n pè mí wọlé. Dókítà ní àìsàn náà ti tán lára mi. Nígbà tí mo jáde, mo lọ bá wọn.

“Ó ṣe èmi náà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ júwe ilé màmá yẹn fún mi.”