Ìrẹsì tí Bàbá Títí Ṣèlérí

Alága wa, Ọ̀gbẹ́ni Láńrewájú, mo kí yín. Ẹ̀yin ọ̀gá tẹ́ ẹ ti fẹ̀yìn tì ṣáájú mi, tí orúnkún ò gbà fún yín mọ́, síbẹ̀ tẹ́ ẹ gun àtẹ̀gùn yìí wá nítorí tèmi, mo kúnlẹ̀ kí yín. Ààfáà àti pásítọ̀ tó bá wa ṣàdúrà, Ọlọ́run á gbọ́ tiyín náà. Ẹ̀yin ará ilé wa láti Ọjà Ọba, mo rí yín. Ẹ̀yin ẹbí Bàbá Títí olóògbé tẹ́ ẹ wá láti Iwaraja, mi ò rò pé ẹ máa wá. Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi lọ́kùnrin lóbìnrin, ẹ̀yin ọmọdé tẹ́ ẹ fẹ́ kí n tètè dákẹ́. Ẹ̀yin èèyàn mi.

Wọ́n ní kí n wá dágbére. Àwọn tó ń dágbére nínú gbọ̀ngán yìí a máa rẹ́rìn-ín, ẹ má bínú, ẹ̀rín ò wá sí mi lẹ́nu. Èèyàn méjì ló yẹ kó dìde níwájú yín lónìí. Èmi nìkan ló kù.

Bàbá mi ṣiṣẹ́ rélùwéè ní Òṣogbo yìí títí ọkọ̀ ojú irin fi dákẹ́. Òun ló ní kí n wá iṣẹ́ ìjọba, pé ìjọba kì í dákẹ́. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ ohun tójú wa ti rí nídìí iṣẹ́ yìí, ẹ lè rẹ́rìn-ín díẹ̀. Mo débí ní ọmọge, wọ́n fi mí sí yàrá kan náà pẹ̀lú ọkùnrin Ìjẹ̀ṣà kan tí kì í jẹ nǹkan lọ́wọ́ ènìyàn. Ọ̀gbẹ́ni Fẹ̀hìntọlá ni, Bàbá Títí wa.

Ta ló lè gbàgbé ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ lásìkò ọdún? Bí gbogbo wa bá ń kí ara wa kú ọdún Kérésìmesì, á ní, "Aṣọ lọdún ń pààrọ̀, kì í pààrọ̀ inú." Bí ẹnì kan bá gbé kéèkì wá fún un, á ní, "Ẹni tó fẹ́ràn mi ní Dìsẹ́ńbà, kó wá fẹ́ràn mi ní Jánúárì kí n rí i." Bí Iléyá bá sì dé, á ní àgbò nìkan ló mọ ohun tí ọdún jẹ́ gan-an.

Gbogbo Iléyá ni mò ń gbé ẹran fún un. Á dúpẹ́, á ṣàdúrà fún mi, fún ọkọ mi, fún Làbákẹ́ ọmọ mi, lẹ́yìn náà á gbé e fún ajá tó wà lẹ́yìn ọgbà. Mo fojú ara mi rí i láti ojú fèrèsé. Ó dùn mí, mo sunkún délé. Ìyá mi ní, "Rùkáyà, ọwọ́ tìrẹ ni kó o máa wò, fi ẹnu rẹ̀ sílẹ̀ fún un." Iléyá tó tẹ̀lé e, mo jókòó níwájú rẹ̀, mo bù nínú ẹran náà, mo jẹ ẹ́ lójú rẹ̀ kó lè rí i pé kò sí nǹkan kan níbẹ̀. Ó wò mí títí. Ó ní, "Ìyá Làbákẹ́, ẹ ti lo ẹ̀rọ̀ májèlé kẹ́ ẹ tó wá." Mo ní, "Ọmọ òṣómàáló, ṣé ẹ̀yin nìkan lẹ mọ bí wọ́n ṣe ń lóṣòó ti onígbèsè ni? Èmi náà á lóṣòó tì yín títí ẹ ó fi jẹ ẹran mi." Ó di àṣà wa. Ọdọọdún ni mò ń tọ́ ọ wò, ọdọọdún ni kò jẹ.

Ọdún tí ìyàwó rẹ̀ kú ló tó sọ ìdí rẹ̀ fún mi. Ó ní nígbà tí òun wà ní kékeré ní Iwaraja, ẹ̀gbọ́n òun jẹ ìrẹsì Kérésìmesì nílé obìnrin àdúgbò kan, ilẹ̀ ọjọ́ kejì kò mọ́ bá a. Kò sẹ́ni tó bi dókítà. Àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí, ta ni kò mọ̀ pé àjẹ́ àná ló pa ọmọ jẹ? Obìnrin yẹn ni gbogbo àdúgbò nawọ́ sí. Láti ọjọ́ náà, kò sẹ́ni tó jẹun rẹ̀ mọ́, kò sẹ́ni tó ra obì lọ́wọ́ rẹ̀, òun nìkan ló ń dá jẹun títí ó fi kú. Ìyá Bàbá Títí sì mú ọmọ rẹ̀ búra pé kò ní jẹ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni láéláé.

Ó wá bi mí pé, "Ìyá Làbákẹ́, bí kì í bá wá ṣe obìnrin yẹn ńkọ́?"

Iléyá tó kọjá yìí, mo gbé ẹran mi dé bí ìṣe mi, mo nawọ́ láti tọ́ ọ wò. Ó di ọwọ́ mi mú. Ó ní, "Ẹ fi í sílẹ̀. Lónìí, èmi ni n ó kọ́kọ́ jẹ." Ẹ̀yin èèyàn mi, ọkùnrin yẹn jẹ ẹran! Ó jẹ, ó lá ọwọ́, omijé gba ojú rẹ̀. Ó gbé ìyókù, ó ń kiri láti yàrá dé yàrá, ó ń pín in fún yín, ẹ̀yin náà sì jẹ. Ó ní Kérésìmesì tó ń bọ̀, òun ni òun ó se ìrẹsì, pé kò sẹ́ni tó máa kúrò ní ilé iṣẹ́ yìí láìjẹun. Ẹni tó ní ọdún kì í pààrọ̀ inú!

Kò pé ọ̀sẹ̀ kan tó fi ṣubú, kò dìde mọ́. Dókítà ní ẹ̀jẹ̀ ríru ni, pé ó ti pẹ́ lára rẹ̀. Ta ló fẹ́ gbọ́ ti dókítà? Ẹ̀yin tó pín ẹran kan náà fún, ta ló kú nínú yín?

Kò sẹ́ni tó sọ ọ́ sí mi létí, ẹ ṣeun ìyẹn náà. Ṣùgbọ́n mo lójú. Àkàrà tí mò ń rà wá fún yàrá wa láràárọ̀ ń tutù sórí tábìlì. Julianah, ọ̀rẹ́ mi, ìwọ tá a ti ń jọ jẹ nínú abọ́ kan láti ọjọ́ yìí wá, ìwọ náà bẹ̀rẹ̀ sí í gbé omi tìrẹ wá láti ilé. Má sunkún, mi ò bú ọ. Ẹni tí ejò bá ti bù jẹ rí, bó rí ekòló, á sá, ìtàn ejò nìkan lẹ sì gbọ́. Ṣùgbọ́n láti Iléyá ni mo ti ń dá jẹun bí obìnrin Iwaraja yẹn, ó sì ń dùn mí. Ó ń dùn mí gan-an ni.

Ẹ wo àwọn kúlà tó wà lẹ́yìn yẹn. Èmi àti Làbákẹ́ la sè é. Ìrẹsì tí Bàbá Títí ṣèlérí ni. Àwọn tó ń pín in ti kiri títí, wọ́n ti padà lọ jókòó. Ẹnì kan ní inú ń run òun, ẹnì kan ní òun ń gbààwẹ̀. Alága wa, ẹ̀yin náà ní ẹ ti jẹun nílé. Ṣé gbogbo Òṣogbo ló ti jẹun nílé lónìí ni? Mi ò ní tọ́ ọ wò níwájú yín o. Mo ti tọ́ oúnjẹ wò tó láyé mi.

Bí ahọ́n mi bá ti gé yín rí, mo mọ̀ pé ó mú, ẹ forí jì mí. Ẹ ti bá mi sin òkú, ẹ ti bá mi sọmọ lórúkọ, mi ò gbàgbé ìkankan. Kí Ọlọ́run má jẹ́ kí oore yín di ẹ̀sùn sí yín lọ́rùn. Kí ẹ má ṣe oore tán kẹ́ ẹ wá máa wá ẹlẹ́rìí. Kí Kérésìmesì yìí bá yín pẹ̀lú ẹni tẹ́ ẹ ó jọ jẹun, kí ẹ má sì dúró dìgbà tí...

Ta ló ń dìde lẹ́nu ọ̀nà yẹn? Títílọpẹ́ ni. Ẹ̀yin tẹ́ ò mọ̀ ọ́n, ọmọ olóògbé ni, tíṣà ni ní Ìjẹ̀bú-Jẹ̀ṣà. Ọmọ mi, ṣé o fẹ́ máa lọ ni? Mi ò ní dá ọ dúró. Ẹ yà fún un, ẹ jẹ́ kó kọjá.

Títí, ibi kúlà nìyẹn, kì í ṣe ọ̀nà ìta.

Ẹ fún un ní abọ́. Rárá, Julianah, fi í sílẹ̀, jẹ́ kó fọwọ́ ara rẹ̀ bù ú.

Ẹ̀yin èèyàn mi, bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Mi ò fipá mú ẹnikẹ́ni. Ẹni tó bá fẹ́ máa lọ, kó máa lọ ní àlàáfíà, mo dárí jì í. Àdúrà mi ti tán. Ẹ ṣé o, gbogbo yín, ẹ ṣeun púpọ̀.

Jókòó jẹ ẹ́, ọmọ mi, má dúró jẹun. Èmi náà ń bọ̀ wá bá ọ. Bísímílà.