Ìnsulétọ̀ Méjìlá Tí Mo Mú Jáde Nínú Iléru

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ojú ewé yìí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi sùúrù ka tèmi. Mo ti lé ní ọdún márùndínlọ́gọ́rin. Mo kàwé, mo ṣiṣẹ́, mo sì ti bá ọ̀pọ̀ ènìyàn kọ ohun tí wọn kò lè kọ fúnra wọn. Tèmi yìí ni mi ò lè kọ láti ogójì ọdún ó lé.

Ohun tó jẹ́ kí n kọ ọ́ báyìí ni ohun tí etí mi gbọ́ ní Agége ní oṣù tó kọjá. Láti ọjọ́ náà, bí mo bá bu oúnjẹ sẹ́nu, kì í lọ. Orúkọ tí mo pe àwọn ènìyàn níhìn-ín kì í ṣe orúkọ wọn gan-an. Ohun tó kù, bó ṣe rí ni mo ṣe sọ ọ́.

Ìgbà tí àwọn ológun gbé ìjọba fún alágbádá lẹ́yìn ogun abẹ́lé ni ó ṣẹlẹ̀. Mo ń ṣiṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ kan ní Oregun tó ń fi amọ̀ ṣe àwo ìjẹun àti bẹ́sìnnì ìfọwọ́. Èmi nìkan ni obìnrin tó jáde yunifásítì níbẹ̀. Iṣẹ́ mi ni pé kí n máa wádìí ọjà: kí ni àwọn ènìyàn ń rà, ta ló ń tà á fún wọn, ṣé wọn yóò ṣì máa rà á bí ọdún bá gorí ọdún.

Ọ̀gá àgbà ní kí n lọ wádìí ọjà ìnsulétọ̀ ní gbogbo orílẹ̀-èdè yìí. Ẹ̀yin tí ẹ kò mọ̀ ọ́n, ẹ gbójú sókè wo òpó iná. Ohun tó dà bí ife tí wọ́n dojú rẹ̀ dé, tí wáyà so mọ́, òun ni. Amọ̀ ni wọ́n fi ń ṣe é, wọn a sun ún nínú iléru títí yóò fi le bí òkúta. Bí kò bá sí níbẹ̀, iná yóò gba ara òpó wọ ilẹ̀, yóò sì pa ẹni tó bá fara kàn án.

Mo ṣe iṣẹ́ náà bí ẹni ń ṣe iṣẹ́ ilé bàbá rẹ̀. Àwọn olóṣèlú ń ṣèlérí iná fún gbogbo abúlé nígbà náà. Mo ń béèrè ibi tí ìnsulétọ̀ yóò ti wá, kò sí ẹni tó lè dá mi lóhùn. Mo wọ ilé-ìkẹ́rùsí àwọn agbaṣẹ́ṣe, mo bá àwọn tó ń gun òpó sọ̀rọ̀. Ọ̀kan nínú wọn ní ìhà Ìjẹ̀bú fi òpó kan hàn mí tí wọ́n fi igi gbẹ́ ohun tí wáyà jókòó lé, nítorí pé ọkọ̀ òkun tó kó ìnsulétọ̀ bọ̀ kò tíì rí àyè gúnlẹ̀ ní Àpápá. Mo ní ṣé ẹ̀rù kò bà á ni. Ó ní, "Àǹtí, bí òjò bá ti ṣú, ilé ni mo ń sá lọ. Mi ò fẹ́ kí ìyàwó mi lọ fẹ́ ẹlòmíràn."

Mo kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Mo kọ ọ́ pé ohun tí a nílò kò ní dín kù rárá, nítorí bí a ṣe ń gbé òpó tuntun nílẹ̀ ni àrá ń fọ́ ti àtijọ́. Mo kọ ọ́ pé amọ̀ funfun tó dára wà nílẹ̀ wa, pé ẹni tó bá kọ́kọ́ ṣe ojúlówó níbí yóò tà á dé àwọn orílẹ̀-èdè tó múlé tì wá. Mi ò pọ́n ọn lé ju bó ti yẹ lọ. Mo sọ ọ́ pé iná tó ń lọ tó ń bọ̀ lè ba iléru jẹ́. Mo sì sọ ọ́ pé bí ìjọba bá ń fi ìwé àṣẹ ìkẹ́rùwọlé ta ọ̀rẹ́ lọ́rẹ, èyí tí a ṣe nílé kò ní rí ibi jókòó.

Ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ ka ìwé náà fún ìgbìmọ̀ ilé-iṣẹ́, mo wọ aṣọ tuntun. Mo débẹ̀, mo rí i lórí tábìlì. Orúkọ ọ̀gá tó wà fún títa ọjà, Ọ̀gbẹ́ni Adéọ̀ṣun, ni wọ́n tẹ̀ sí iwájú ìwé. Mo ṣí i títí dé ojú ewé ìkẹyìn. Orúkọ mi kò sí níbì kankan.

Mo fa Adéọ̀ṣun sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Mo ní, "Ọ̀gá, ìwé mi rèé."

Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Mádàámù, ẹ ti gbìyànjú. Ṣùgbọ́n ta ló fẹ́ gba ọ̀rọ̀ òpó iná lẹ́nu obìnrin? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa po tíì fún àwọn àlejò."

Mo po tíì náà. Mo gbé e fún wọn níkọ̀ọ̀kan bí wọ́n ṣe ń pàtẹ́wọ́ fún un. Ẹni tí wọn kò gba orúkọ rẹ̀ rí ló lè sọ pé orúkọ lásán ni. Mi ò tíì dárí jì í títí di òní, ó sì ti kú.

Ìgbìmọ̀ ní kí a kọ́kọ́ fi amọ̀ wa ṣe ìnsulétọ̀ díẹ̀, kí a sun wọ́n, kí a sì fi méjìlá nínú wọn ránṣẹ́ sí ibi tí wọn yóò ti fi iná mànàmáná dán wọn wò. Bí wọ́n bá yege, ilé-iṣẹ́ yóò kọ́ ẹ̀ka tuntun fún ìnsulétọ̀.

Ẹni tó ń ṣọ́ iléru ni Bọ̀dá Sámù. Ọmọ Èkìtì ni, bíi tèmi. Kò kàwé púpọ̀, ṣùgbọ́n bó bá wo àwọ̀ iná lásán, ó mọ bó ti gbóná tó. Òun nìkan ló mọ̀ pé amọ̀kòkò ni ìyá ìyá mi. Lọ́dọ̀ wọn lábúlé, ojú nìkan kọ́ ni wọ́n fi ń yẹ ìkòkò wò. Wọn a fi eegun ìka kàn án, wọn a sì tẹ́tí. Èyí tó pé yóò dún kọ̀ọ́n. Èyí tó ti sán nínú yóò dún pọ̀, bí ara rẹ̀ tilẹ̀ ń dán. Láti kékeré ni mo ti mọ̀ ọ́n.

Ní àárọ̀ tí wọ́n ṣí iléru, Bọ̀dá Sámù ránṣẹ́ pè mí.

Ó ní, "Àǹtí oníwèé, ẹ wá fi etí yín ràn wá lọ́wọ́."

Mo ní, "Ẹ̀yin náà ò létí ni?"

"Etí tèmi? Iléru ti sè é jinná. Ẹ bá mi mú méjìlá. Ọmọ ilé amọ̀kòkò kò lè ṣì í mú."

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣe rò pé Èṣù ló ti mí. Orí mi pé. Mo dúró síwájú àwọn ìnsulétọ̀ tó ṣì lọ́wọ́ọ́rọ́ náà, mo sì rò ó. Orúkọ Adéọ̀ṣun ló wà lára ìwé. Bí ìnsulétọ̀ bá fọ́, òun ni ojú yóò tì. Ohun tí mo rò kò jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Mo ń kàn wọ́n níkọ̀ọ̀kan. Èyí tó dún kọ̀ọ́n, mo dá a padà. Èyí tó dún pọ̀, mo tò ó sínú koríko gbígbẹ nínú àpótí. Èyí tó dára ló pọ̀ jù, ó pẹ́ kí n tó rí méjìlá tó bàjẹ́ kó jọ. Bọ̀dá Sámù rò pé mò ń fara balẹ̀ ni. Òun fúnra rẹ̀ ló kan àpótí náà pa. Ó gbé ọwọ́ lé e, ó ní kí Olúwa bá wọn lọ, kí Ó sì bá wọn bọ̀.

Mọ́kànlá fọ́. Wọ́n ní bí iná ṣe kàn wọ́n ni wọ́n ń sán.

Ọ̀gá àgbà pe gbogbo wa. Mo ń retí kí ilẹ̀ gbé Adéọ̀ṣun mì. Adéọ̀ṣun dìde, ó tún táì rẹ̀ ṣe, ó na ìka sí Bọ̀dá Sámù. Ó ní, "Ìwé mi kò ní àbùkù kankan. Ẹ bi ẹni tó ń ṣọ́ iléru. Ẹni tí kò lè ka òǹkà ìgbóná tó wà lára ògiri iléru, ẹ ní kó wá sun ohun tí yóò gbé iná." Kò wá sí mi lọ́kàn rí pé ó lè yí ẹ̀bi náà sí ibẹ̀.

Bọ̀dá Sámù yíjú kúrò lọ́dọ̀ rẹ̀. Èmi ló kọjú sí.

"Àǹtí, ṣé ẹ kàn wọ́n gbọ́?"

"Mo kàn wọ́n."

"Báwo ni wọ́n ṣe dún?"

Gbogbo ènìyàn ń wò mí. Mo ní, "Wọ́n dún dáadáa."

Irọ́ tí mo pa nìyẹn. Mo rí i bí ojú rẹ̀ ṣe yí padà. Ó mọ etí mi, kò sì lè rò pé mo purọ́. Ó dọ̀bálẹ̀ fún ọ̀gá àgbà, ó ní, "A jẹ́ pé iná mi pọ̀ jù, ó ti ba inú wọn jẹ́ láìjẹ́ kó hàn sójú tàbí sétí. Ẹ̀bi mi ni."

Wọ́n dá a dúró lẹ́nu iṣẹ́ ní ọ̀sẹ̀ náà. Wọ́n pa èrò ẹ̀ka tuntun tì. Wọ́n ti ìwé mi mọ́ inú àpótí tábìlì. Ẹ sì gbọ́ èyí tó tún kọ mí lóminú: kò pẹ́ lẹ́yìn náà tí Adéọ̀ṣun fi kúrò lọ́dọ̀ wa, tó gba ìwé àṣẹ láti máa kó ìnsulétọ̀ wọlé láti òkè òkun. Ibi tí mo ti kọ ọ́ pé ọjà wà gan-an ló lọ. Ó fi ìwé mi lówó, ó fi ọwọ́ mi lé ilé-iṣẹ́ wa tí ìbá bá a du ọjà náà kúrò lọ́nà, kò sì mọ̀ pé mo ṣe é. Ó kọ́lé sí Opebi, ó joyè. Títí di òní, òkè òkun ni èyí tí mò ń rí lórí òpó ti ń wá. Gbogbo àsọtẹ́lẹ̀ mi ló ṣẹ, àfi ibi tí mo ti sọ pé àwa ni a óò máa ṣe é.

Èmi ni mo bá Bọ̀dá Sámù wá iṣẹ́ ọdẹ ní ilé-ìkẹ́rùsí kan. Ó ṣe é títí ó fi darúgbó. Ní ọdọọdún, ó ń gbé iṣu wá sílé mi ní Onígbòǹgbò láti fi dúpẹ́. Mo ń gbà á, mo ń jẹ ẹ́. Mo máa ń sọ fún ara mi pé Adéọ̀ṣun ló ṣe é ní ibi, pé kì í ṣe èmi. Ó rọrùn fún mi láti gbà bẹ́ẹ̀.

Ní oṣù tó kọjá, Bọ́sẹ̀ ọmọ rẹ̀ obìnrin wá pè mí pé bàbá òun fẹ́ rí mi. Mo bá a lórí ibùsùn ní Agége, ó ti gbẹ. Dókítà ti sọ fún wọn pé kó máa jẹ ohun tó bá wù ú. Ó ní kí n bá òun kọ ìtàn ìgbésí-ayé tí wọn yóò kà ní ṣọ́ọ̀ṣì bí òun bá kú. Ó ní àwọn ọmọ òun yóò kàn máa kọ ìyìn ni, pé èmi ni mo lè kọ òtítọ́.

Mo mú bírò. Ó sọ ìlú rẹ̀ àti ọdún tó wá sí Èkó. Ó wá ní, "Ẹ kọ ọ́ síbẹ̀ pé èmi ni mo ba ìnsulétọ̀ jẹ́."

Mo gbé bírò sílẹ̀. Mo ní, "Bọ̀dá, kí ni wọ́n fẹ́ fi èyíinì ṣe nínú ìsìn òkú?"

Ó ní, "Àwọn ọmọ mi gbà pé wọ́n rẹ́ mi jẹ ni. Láti kékeré ni wọ́n ti ń bú àwọn ọ̀gá yẹn. N kò fẹ́ kí wọ́n máa bú aláìṣẹ̀ lẹ́yìn mi. Ẹ fi ti Déjì náà kún un."

Mi ò mọ ti Déjì, àkọ́bí rẹ̀. Ó ṣàlàyé fún mi. Déjì rí àyè ní pólì láti kọ́ iṣẹ́ amọ̀ sísun, ó sì ń fẹ́ ẹ gan-an. Bàbá rẹ̀ ló kọ̀. Ó ní ó sọ fún un pé, "Iná kò gba ọwọ́ ilé wa. Mo ti ba ti orílẹ̀-èdè jẹ́, ìwọ má lọ fi kún un." Ọmọ náà sunkún, ó gbà. Ó ń ta táyà lójú ọ̀nà báyìí, òun àti bàbá rẹ̀ kì í sì í sọ̀rọ̀ dénú.

Ó wá fi ọwọ́ gbígbẹ rẹ̀ di tèmi mú. "Ẹ kọ ọ́ pé ẹ̀yin nìkan ni ẹ kò fi mí sílẹ̀."

Mo ní orí ń fọ́ mi, mo dìde. N kò mọ ọkọ̀ tí mo wọ̀ délé.

Mo ti kọ ìtàn náà tán. Ó kún ojú ewé méjì. Mo fi àyè sílẹ̀ fún gbólóhùn kan péré, mi ò sì lè fọwọ́ kàn án. Bí mo bá kọ ohun tó ní kí n kọ, mo tún purọ́ mọ́ ọn, lórí òkú rẹ̀, níwájú pẹpẹ. Bí mo bá fò ó, Déjì yóò máa gbà pé ọwọ́ ilé wọn kò dára. Bí mo bá lọ sọ òtítọ́ fún bàbá rẹ̀, bóyá ìyàlẹ́nu ni yóò pa á. Èyí tó tún burú jù ni bó bá ní kò sí nǹkan, pé ó ti kọjá. Mo mọ̀ ọ́n, ohun tó lè sọ gan-an nìyẹn.

Mi ò tọrọ àforíjì lọ́wọ́ Adéọ̀ṣun, ẹ má bẹ̀ mí lórí rẹ̀. Ti Bọ̀dá Sámù ni mò ń tọrọ, àti ti ọmọ rẹ̀ tó ń ta táyà.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin tí ẹ ti jókòó ní ṣọ́ọ̀ṣì tí wọ́n ka irú ìwé yìí lórí òkú bàbá yín, ẹ dá mi lóhùn. Ká ní bàbá yín ni, ṣé ẹ óò fẹ́ kí n lọ sọ ọ́ fún un nígbà tí etí rẹ̀ ṣì ń gbọ́? Àbí ọ̀dọ̀ Déjì ni kí n kọ́kọ́ gbà lọ? Ẹ má ṣe pẹ́. Bọ́sẹ̀ ti ránṣẹ́ lẹ́ẹ̀mejì pé bàbá òun ń béèrè bóyá mo ti kọ ọ́ síbẹ̀.