Ìwé Ìpè tí Mo Lẹ̀ Mọ́ Ilé Ewúrẹ́

Ọ̀rọ̀ tí mo ti fi eyín dì mú láti ọdún méjìlá, mo fẹ́ tú u sílẹ̀ kí ikọ́ àyà yìí tó gba ohùn lẹ́nu mi. Dókítà ti sọ ìba ọjọ́ tó kù. Dagadu ni wọ́n ń pè mí. Òkúta ni ìtumọ̀ rẹ̀ lédè wa, ẹni tó sọ mí lórúkọ kò sì ṣìnà.

Ìdí agogo ilé ẹ̀kọ́ ló ti bẹ̀rẹ̀. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí nígbà tí agogo idẹ tí wọ́n fi ń pè wá wọlé sọnù. Olùkọ́ béèrè ẹni tó mọ̀ nípa rẹ̀. Ọwọ́ kan ṣoṣo ló nà sókè, ti Anusaya, ọmọ olùkọ́ fúnra rẹ̀. "Dagadu ni mo rí nídìí ẹ̀, Bàbá." Wọ́n nà mí lójú gbogbo ẹgbẹ́ mi. Oṣù kan lẹ́yìn náà, ẹni tó ń fa omi fa agogo náà jáde nínú kànga. Kò sẹ́ni tó bẹ̀ mí. Mi ò padà sí ilé ẹ̀kọ́ mọ́, mi ò sì gbàgbé ọwọ́ yẹn.

Anusaya lọ́kọ ní abúlé wa níbí, ọkọ kú, àwọn èèyàn sì dìbò yàn án ṣe olórí ìgbìmọ̀ abúlé. Èmi ni ìránṣẹ́ abúlé tó ń pín ìwé ìjọba. Madhukar, igbákejì rẹ̀, ń fi katakata kó yanrìn odò. Anusaya ní kó jáwọ́. Ni Madhukar bá kó àwọn ọmọ ìgbìmọ̀ jọ, wọ́n kọ̀wé sí ọ̀gá ìjọba àgbègbè pé àwọn ò fọkàn tán olórí àwọn mọ́. Mẹ́sàn-án ni gbogbo wọn, Anusaya pẹ̀lú. Ọwọ́ méje gbọ́dọ̀ nà sókè kí wọ́n tó lè yọ ọ́. Òfin ní kí ìwé ìpè sí ìpàdé ìdìbò náà dé ọwọ́ rẹ̀, kó lè wá wí tẹnu rẹ̀. Bí kò bá sí nílé, kí n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ilẹ̀kùn rẹ̀ níṣojú ẹlẹ́rìí méjì.

Ìgbà òjò ni. Anusaya ti bá àwọn olùjọ́sìn fẹsẹ̀ rìn lọ sí ìlú òrìṣà Pandharpur, òun àti bàbá àgbà Baban, ọmọ ìgbìmọ̀ kan ṣoṣo tó wà lẹ́yìn rẹ̀. Ìwé ti Baban, mo fún ọmọ rẹ̀ tó ń wa katakata Madhukar, ìyẹn sì fi í pamọ́.

"Ti obìnrin yẹn ńkọ́?" ni Madhukar wí. "Ìyá Sudam aládùúgbò ẹ̀ ló ń bomi rin efinrin mímọ́ ẹnu ọ̀nà ẹ̀ láràárọ̀. Bó bá rí ìwé, á tẹ̀ ẹ́ láago, ìyẹn á sì wọ bọ́ọ̀sì padà."

"Ilé méjì ló ní," ni mo dá a lóhùn.

Ó wò mí, ó rẹ́rìn-ín. "Wọ́n sì ní o ò kàwé."

Ẹ gbọ́ mi dáadáa: ẹnu tèmi ni ìmọ̀ràn yẹn ti jáde. Ilé àtijọ́ ọkọ rẹ̀ ti wó lápá kan, ewúrẹ́ ló ń sùn níbẹ̀. Ìyẹ̀fun ni mo pò tí mo fi lẹ ìwé mọ́ ilẹ̀kùn rẹ̀. Àwọn ẹlẹ́rìí fọwọ́ síwèé, wọ́n lọ. Èmi dúró títí ewúrẹ́ fi jẹ ìwé náà tán.

Lọ́jọ́ ìpàdé, ọwọ́ méje gẹ́lẹ́ ló nà sókè. Hirabai, ọ̀kan nínú wọn, sọ fún mi lẹ́yìn náà pé: "Ká ní ó wọlé, tó wò mí lójú, ọwọ́ mi ò ní gbé."

Nígbà tí Anusaya dé, ọ̀dọ̀ mi ló kọ́kọ́ wá. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti là yánnayànna.

"Dagadu, ṣó o lẹ ìwé mọ́ ilẹ̀kùn mi?"

"Mo lẹ̀ ẹ́. Òjò ló fọ̀ ọ́."

"Ìyá Sudam ní òun ò rí nǹkan kan."

"Ìyá Sudam tí ò ríran dáadáa, tó ń pe ajá ní ewúrẹ́?"

Anusaya gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí kóòtù. Adájọ́ béèrè lọ́wọ́ mi, mo búra, mo ní: "Ilẹ̀kùn ilé rẹ̀ ni, Olúwa mi." Wọ́n da ẹjọ́ rẹ̀ nù. Lójú ọ̀nà, àwọn ọmọ ẹ̀yìn Madhukar ń pariwo pé ó fẹsẹ̀ rìn lọ bá Ọlọ́run, ó fẹnu purọ́ bọ̀. Láti ọdún náà, kò lọ sí Pandharpur mọ́. Mo ti rò pé yóò dùn mọ́ mi. Ó dùn fún ọjọ́ mẹ́ta.

Ní oṣù tó kọjá, mo lọ bá a, mo sọ gbogbo rẹ̀.

"Kí ni mo ṣe fún ẹ?"

"Agogo ilé ẹ̀kọ́."

"Agogo wo?"

Mo ṣàlàyé. Ó ronú, ó mi orí. Kò rántí. Ogójì ọdún ni mo fi gbé e kiri, òun kò sì mọ̀ pé ó wà. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ béèrè lọ́wọ́ ẹni tó ṣẹ̀ yín nígbà tí ọgbẹ́ ṣì tutù.

Mo ní kó dárí jì mí. Ó ní: "Àárín èèyàn lo ti purọ́. Lọ sọ ọ́ láàrin èèyàn."

Nígbà tí gbogbo abúlé pé jọ níwájú ilé òrìṣà, Madhukar wà lórí àga olórí. Mo na ọwọ́ sókè.

"Àbí ẹjọ́ omi lo tún gbé dé, Dagadu?" ni Madhukar wí. Wọ́n rẹ́rìn-ín.

Mo dìde. Ikọ́ gbé mi, mo dúró kó lọ.

"Ilé ewúrẹ́ ni mo lẹ̀ ẹ́ mọ́," ni mo wí. "Anusaya ò purọ́. Èmi ni mo purọ́."