Ọkọ̀ Pupa Tó Ń Dúró Níbi Kọ́nà

Nínú ọkọ̀ tó ń ti Òṣogbo lọ sí Ìfọ́n, mo jókòó ti obìnrin tíṣà kan àti ọkùnrin tó bá a tún géèmù ìfọkọ̀sáré orí kọ̀ǹpútà rẹ̀ ṣe.

"Ṣé gbogbo géèmù tó bàjẹ́ yẹn lẹ pa rẹ́?"

"Gbogbo rẹ̀ ni, mà. Dísìkẹ́ẹ̀tì tuntun ni mo fi kó òmíràn sí i. Àbí kò ṣiṣẹ́ ni?"

"Ó ń ṣiṣẹ́. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ pupa tí àbúrò mi máa ń wà kó tó kú ṣì ń bá tèmi sáré."

"Kọ̀ǹpútà ló ń wà á, mà."

"Bí àbúrò mi ṣe ń wà á ló ń lọ. Tó bá ti yà mí sílẹ̀, á dúró níbi kọ́nà. Ó ń dúró dè mí."

Ó sọ ọ́ jẹ́jẹ́, bí ẹni ń sọ̀rọ̀ ẹni tó wà nílé.

Nígbà tí a dé Ìlobù, níbi tí obìnrin náà ti fẹ́ sọ̀, ọkùnrin náà yíjú sí i.

"Mo lè wá pa á rẹ́ lọ́la, mà."

"Ẹ má pa á rẹ́. Lánàá, mo gbìyànjú láti dá sáré lọ. Ó ń fun fèrè lẹ́yìn mi títí mo fi padà lọ bá a."