Ọwọ́ Ni Bàbá Mi Fi Sọ̀rọ̀ ní Ìjù

Halelúyà! Ẹ bá mi yin Olúwa nítorí ohùn bàbá mi.

Ẹ̀yin ará, ẹ má bínú sí bí ọ̀rọ̀ mi yóò ṣe rí. Èmi kì í ṣe ẹni tó máa ń kọ̀wé. Kíláàsì kejì girama ni mo ti kúrò nílé ìwé, tí mo lọ ń ṣiṣẹ́ níléeṣẹ́ tí wọ́n ti ń ṣe ike. Ẹ̀yin tí ẹ mọ̀ mí mọ̀ pé ìjókòó ẹ̀yìn ni tèmi nínú ìjọ yìí, tí ìsìn bá sì parí, èmi ni mo máa ń kọ́kọ́ jáde. Ṣùgbọ́n ohun tí Ọlọ́run ṣe nílé wa kò ṣeé gbé mì. Bí mo ṣe rántí rẹ̀ ni mo ṣe kọ ọ́.

Ọnárébù ni ẹ mọ bàbá mi sí. Àwa mọ̀ ọ́n kó tó di Ọnárébù. Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun ló ti wá sí Sàngó Ọ̀tà nígbà tó wà lọ́dọ̀ọ́, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ níléeṣẹ́ tí wọ́n ti ń yọ́ irin. Ẹni tó bá ti ṣe iṣẹ́ irin rí mọ̀ pé ẹnu kò wúlò níbẹ̀. Ẹ̀rọ á máa bú, iná á máa hó, bí o pariwo títí, ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ kò ní gbọ́. Ọwọ́ ni wọ́n fi ń bára wọn sọ̀rọ̀. Ọwọ́ lórí àyà ni sùúrù. Ìka méjì lábẹ́ ojú ni ṣọ́ra. Àtẹ́lẹwọ́ tí a dojú rẹ̀ bolẹ̀ ni pé kí wọ́n pa ẹ̀rọ. Bàbá mi gbé ọwọ́ náà wálé. Nígbà tí mo wà ní kékeré, ọwọ́ ló fi máa ń pè mí láti òdìkejì títì, torí ó mọ̀ pé ojú máa ń tì mí tí wọ́n bá pariwo orúkọ mi. Níléeṣẹ́ ike wa, àwa obìnrin tí a wà nídìí ẹ̀rọ ní ọwọ́ tiwa náà, ó sì jọ tiwọn.

Àwọn òṣìṣẹ́ fi bàbá mi ṣe olórí ẹgbẹ́ wọn, torí kì í gba rìbá. Iléeṣẹ́ dá a dúró nítorí ìyẹn. Ìgbà yẹn ni ilé le, tí mo kúrò nílé ìwé. Nígbà tó yá, àdúgbò ní kó wá ṣe káńsẹ́lọ̀. Ó ṣe é, wọ́n sì rí iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni wọ́n dìbò yàn án sí ilé aṣòfin l'Abẹ́òkúta. Ẹ jẹ́ kí n yangàn díẹ̀. Aṣòfin ni, ilé tí a ń gbé kó tó di aṣòfin ni a ṣì ń gbé. Ó ní kí n padà sílé ìwé nígbà náà, èmi ni mo ní ojú ń tì mí láti jókòó ti àwọn ọmọ kéékèèké.

Àbá òfin kan wà tó gbé síwájú ilé, pé iléeṣẹ́ kankan kò gbọdọ̀ da omi ẹ̀gbin sí gọ́tà, torí kànga wa ti ń rùn. Wọn kò tíì parí rẹ̀ nígbà tí ìyọnu dé.

Ó ku díẹ̀ kí ẹgbẹ́ òṣèlú wọn yan ẹni tí yóò tún dupò, ni gẹ̀gẹ̀ tó ti wà lọ́rùn bàbá mi tipẹ́ bá bẹ̀rẹ̀ sí í wú. Tó bá mu omi, á há a. Tó bá dùbúlẹ̀, a ó máa gbọ́ èémí rẹ̀ láti pálọ̀.

Nílé ìwòsàn, dókítà wò ó títí. "Bàbá, ó ti ń fún ọ̀nà èémí yín. A gbọ́dọ̀ gé e. Ṣùgbọ́n n kò ní purọ́ fún yín, iṣan tó ń gbé ohùn jáde kò jìnnà síbẹ̀. A ó ṣọ́ra, àmọ́ n kò lè búra."

Bàbá mi rẹ́rìn-ín. "Dókítà, ohùn lẹ fẹ́ gbà lọ́wọ́ olóṣèlú? Àwọn kan á fi màlúù dúpẹ́ lọ́wọ́ yín."

Wọ́n gé e. Ó yè é. Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run. Ṣùgbọ́n nígbà tó la ẹnu láti kí wa, atẹ́gùn lásán ló jáde. Dókítà ní, "Ohùn náà lè padà. Ó sì lè má padà. Ẹ fún un láyè."

Ẹ̀yin ará, ibi tí a ti ṣìṣe nìyí. Ìyá mi ní, "Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbọ́. Ẹni tó bá bèèrè, ẹ sọ pé ó rìnrìn àjò." Bí wọ́n ṣe ń ṣe nílé olóṣèlú nìyẹn, kò sẹ́ni tó jiyàn. A ti géètì pa. Kò pẹ́ tí gbogbo Ìjù, àdúgbò wa l'Ọ̀tà, fi ń sọ pé bàbá mi ti kú, pé a gbé òkú rẹ̀ pamọ́ di ẹ̀yìn ìbò abẹ́lé.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Ìyá Ruka tó ń ránṣọ lójúde wa ti géètì wọlé, ó káwọ́ lérí. "Ìyá Bọ́sẹ̀, ṣé irú ẹkún yìí lẹ fẹ́ dá sun?" Ó wọ pálọ̀, ó bá bàbá mi nídìí èbà.

Ó dúró gbagidi. "Ọnárébù, ṣé ẹ̀yin nìyẹn?"

Bàbá mi na ọwọ́ sí abọ́, pé kó wá jẹun.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, èmi kì í bá òkú jẹun." Ó fi ọwọ́ kan èjìká bàbá mi, ó rí i pé ẹran ara ni, ló bá jókòó, ó bú sẹ́rìn-ín. "Ìyá Bọ́sẹ̀, ẹ̀yin lẹ pa ọkọ yín o. A ti sọ̀fọ̀ tán lóde. Àwọn kan tiẹ̀ ti ń pín ipò rẹ̀."

Ìyá mi bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Bàbá mi gbé ọwọ́ lé àyà, ó sì nàka sí géètì, pé kí n ṣí i sílẹ̀. Mo ṣí i.

Alága wọ́ọ̀dù ló kọ́kọ́ wọlé. "Ọnárébù, inú wa dùn pé ẹ wà láàyè. Ṣùgbọ́n ẹnu ni wọ́n fi ń ṣe ilé aṣòfin. Ẹ fà á lé ẹlòmíràn lọ́wọ́. A ó wá àyè ìsinmi kan fún yín."

Bàbá mi mi orí. Nígbà tí alága lọ tán, ó fi ọwọ́ bi mí pé, bí òun bá kúrò, ta ni yóò gbé ọ̀rọ̀ omi? Mo lọ sí kíṣìnì, mo kúnlẹ̀. "Olúwa, ohùn tí kì í ṣèké ni èyí. Jọ̀ọ́, dá a padà." Ẹ̀yin ìyá ìjọ náà gbààwẹ̀ nítorí rẹ̀. Ẹ ṣeun. Ẹ ṣeun gan-an.

Ọjọ́ ìbò abẹ́lé pé. Gbọ̀ngàn ilé ìwé kan ní Ìjù ni wọ́n lò, ó sì kún dẹ́nu ọ̀nà. Akọ̀wé bàbá mi dìde láti ka ọ̀rọ̀ rẹ̀ fún un. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan láti ìhà ẹnìkejì tó ń dupò fò dìde.

"Ẹ gbé ìwé sílẹ̀. Kí Ọnárébù fúnra wọn kí wa. Ẹ káàsán lásán, ó ti tó."

Ẹnìkan dáhùn lẹ́yìn, "Ó lè jẹ́ bátìrì ló tán." Wọ́n rẹ́rìn-ín.

Bàbá mi dìde. Ó wo ojú mi níbi tí mo fara pamọ́ sí lẹ́nu ọ̀nà, ó fi ọwọ́ pè mí. Mo lọ. Ó ń fi ọwọ́ sọ ọ́, mo ń fi ẹnu sọ ọ́.

"Ó ní ẹ káàsán."

"A ò gbọ́!"

Mo tún un sọ. "Ó ní ẹ káàsán. Ó ní àwọn tó sọ pé òun kú kò jìnnà sí òótọ́, ọ̀fun òun ló ń sùn."

Ẹ̀rín yí padà, àwa ni wọ́n ń bá rín. Ó wá fi ọwọ́ ṣe bí ẹni ń fa okùn kànga, ó gbóòórùn omi náà, ó dà á nù. Ìgbà yẹn ni omijé gbé mi lóhùn. N kò lè sọ̀rọ̀ mọ́.

Ohùn àgbàlagbà kan jáde láti àárín èrò. Bàbá Láti ni, tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́ irin nígbà kan. "Ó ní a ń fa omi, a kò lè mu ún." Ẹlòmíràn gbà á lẹ́nu rẹ̀ láti ìhà kejì, "Ó ní òun kò tíì parí iṣẹ́ náà." Ẹ̀yin ará, gbọ̀ngàn náà kún fún wọn. Àwọn tó ti ṣe irin, àwọn tó ń ṣe náílọ́ọ̀nù, àwọn tó ń ṣe àpò. Kí n tó la ẹnu, wọ́n ti sọ ọ́.

Ọ̀dọ́mọkùnrin yẹn ń wò rá rà rá. "Kí ló wí báyìí?"

Bàbá Láti dojú àtẹ́lẹwọ́ bolẹ̀. "Ọmọ mi, ó ní kí o pa ẹ̀rọ."

Ariwo ẹ̀rín sọ. Nígbà tí wọ́n ní kí kálukú tò sẹ́yìn ẹni tó fẹ́, ìlà bàbá mi gba ẹnu ọ̀nà jáde, ó wọ pápá. Alága wọ́ọ̀dù náà wà lórí ìlà yẹn. Nígbà tí ìbò gbogbogbòò dé, ó wọlé pẹ̀lú ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì.

Ìdúpẹ́ mi kò tán síbẹ̀. Ní ìrọ̀lẹ́ kan, mo ń se ẹ̀fọ́, ọkàn mi sì ti lọ ibòmíràn. Mo gbọ́ ohùn kan lẹ́yìn mi, ó há, ó kéré. "Bọ́sẹ̀, ọbẹ̀ rẹ ń jóná." Mo pa iná kí n tó mọ ẹni tó sọ̀rọ̀. Nígbà tí mo yíjú padà, ẹ̀rù ara rẹ̀ ló ń ba bàbá mi. Ó tún un sọ kó lè dá a lójú. Ìyá mi sáré wọlé, ó sì dojú bolẹ̀. A jẹ ọbẹ̀ náà bó ṣe jó.

Lọ́jọ́ tí bàbá mi dìde l'Abẹ́òkúta láti sọ̀rọ̀ lórí àbá òfin omi, mo jókòó lókè níbi tí àwọn àlejò ń jókòó sí. Ohùn rẹ̀ kò dún bíi ti tẹ́lẹ̀. Wọ́n tẹ́tí gbọ́ ọ. Wọ́n fọwọ́ sí i. Bàbá mi nìyẹn.

Olúwa, o ṣeun. Ìwọ tí o wà nínú ìṣòro, má ti géètì mọ́ ìṣòro rẹ. Àwọn tí Ọlọ́run fẹ́ fi ràn ọ́ lọ́wọ́ lè máa dúró lóde.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì tí wọ́n fọwọ́ sí òfin náà, kí n tó lọ síbi iṣẹ́, mo yà ní ilé ìwòsàn tí wọ́n ti gé gẹ̀gẹ̀ bàbá mi. Nọ́ọ̀sì kan níbẹ̀ ti sọ fún mi pé obìnrin kan wà ní wọ́ọ̀dù tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gé gẹ̀gẹ̀ rẹ̀, tí kò lè fọhùn. Mo bá a níbi tó ti kọjú sí ògiri. Mo jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Nígbà tó yíjú sí mi, mo gbé ọwọ́ mi sókè díẹ̀díẹ̀, mo kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń bèèrè omi.